Béèlì ṣáájú ìmúni àti òfin ìran ní Íńdíà: kí ló dé tí wọ́n fi ti ilẹ̀kùn yẹn?

Ìbéèrè: Mo gbọ́ pé ní Íńdíà, bí èèyàn bá bú ọmọ ìran tí wọ́n ń fojú tín-ín-rín, kò lè gba béèlì kí ọlọ́pàá tó mú un. Ṣé òótọ́ ni? Ṣé kì í ṣe pé wọ́n ti dá a lẹ́bi kí ẹjọ́ tó bẹ̀rẹ̀ nìyẹn?

Ìdáhùn: Òótọ́ ni, ṣùgbọ́n kì í ṣe gbogbo èébú ló kàn, kì í sì í ṣe ìdálẹ́bi.

Ẹ jẹ́ ká kọ́kọ́ mú ọ̀rọ̀ béèlì náà. Ní Íńdíà, ẹni tó bá fura pé wọ́n fẹ́ wá mú òun lè gba kóòtù lọ kí ọlọ́pàá tó dé, kí adájọ́ pàṣẹ pé bí wọ́n bá mú un, kí wọ́n gba onídùúró rẹ̀ kí wọ́n sì fi í sílẹ̀. Apá 438 ìwé òfin ìgbẹ́jọ́ ọ̀daràn ti 1973 ló wà; òfin tuntun tó bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ ní oṣù Keje 2024 ti gbé e sí apá 482. Àwọn alágbára tó ń fi ẹ̀sùn èké ti ọ̀tá wọn mọ́lé ni wọ́n tìtorí wọn ṣe é.

Òfin ti 1989 tó ń dènà ìwà ìkà sí àwọn Dalit àti àwọn ẹ̀yà ìbílẹ̀ kan ló wá sọ ní apá 18 pé béèlì yìí kò sí fún ẹni tí wọ́n bá fẹ̀sùn rẹ̀ kàn. Dalit ni àwọn tí àṣà ìran, ìyẹn caste, kà sí ẹni àìfọwọ́kàn láti ìgbà ìwáṣẹ̀. Abala 17 òfin-ìpìlẹ̀ Íńdíà ti fòfin de àìfọwọ́kàn láti 1950, àmọ́ ẹ wo ohun tí òfin 1989 ṣì ní láti kà lẹ́sẹẹsẹ: fífi ipá mú èèyàn jẹ ohun tí kò ṣeé jẹ, bíbọ́ ọ sí ìhòòhò kí wọ́n sì mú un káàkiri ìlú, gbígba ilẹ̀ rẹ̀, bíba omi tó ń mu jẹ́, títàbùkù rẹ̀ ní gbangba. Òfin kì í dárúkọ irú nǹkan báwọ̀nyí bí kò bá ṣẹlẹ̀ rí.

Ẹ wá fojú inú wo abúlé kan. Ẹni tó fẹjọ́ sùn, oko ẹni tó fẹ̀sùn kàn ló ti ń gba owó iṣẹ́ òòjọ́. Ọ̀dọ̀ rẹ̀ ló ti yáwó. Ẹ̀gbẹ́ ilé rẹ̀ ni ìyàwó rẹ̀ ń gbà kọjá lọ pọnmi. Bí olóko yẹn bá ti di béèlì mú kí ọlọ́pàá tó kan ilẹ̀kùn, ta ni yóò tún jẹ́rìí? Ohun tí Ilé-Ẹjọ́ Gíga Jù Lọ Íńdíà rí nìyẹn ní 1995 tó fi fọwọ́ sí apá 18: ó ní irú àwọn bẹ́ẹ̀ lè fi òmìnira wọn dẹ́rù ba ẹni tí wọ́n ṣe níkà, kí wọ́n sì ba ìwádìí jẹ́.

Ní oṣù Kẹta 2018, adájọ́ méjì ní ilé-ẹjọ́ kan náà ní àwọn kan ń ṣi òfin yìí lò. Wọ́n ṣí àyè béèlì náà sílẹ̀ díẹ̀, wọ́n sì ní kí ọlọ́pàá gba àṣẹ kí wọ́n tó mú ẹni tí wọ́n fẹ̀sùn kàn: lọ́wọ́ ọ̀gá rẹ̀ bó bá jẹ́ òṣìṣẹ́ ìjọba, lọ́wọ́ ọ̀gá ọlọ́pàá bí kò bá rí bẹ́ẹ̀. Àwọn Dalit tú síta ní ọjọ́ kejì oṣù Kẹrin, èèyàn sì kú níbi ìwọ́de náà. Ní oṣù Kẹjọ, ilé aṣòfin fi apá 18A kún òfin náà láti dá gbogbo rẹ̀ padà. Ilé-ẹjọ́ fọwọ́ sí i ní oṣù Kejì 2020. Mo gbà pé ohun tó tọ́ ni wọ́n ṣe. Ẹ̀sùn olè náà ń ní irọ́ nínú, a ò sì torí ẹ̀ ní kí ẹni tí wọ́n jà lólè máa tọrọ àyè kó tó fẹjọ́ sùn.

Ìdájọ́ 2020 yẹn kan náà ló sọ ibi tí ilẹ̀kùn ti lè ṣí: bí ohun tí wọ́n kọ sínú ìwé ẹ̀sùn kò bá tilẹ̀ jọ ẹ̀ṣẹ̀ tí òfin dárúkọ, adájọ́ lè fúnni ní béèlì ṣáájú ìmúni. Ibí ni àwọn lọ́yà ti ń fà á mọ́ra wọn lọ́wọ́. Èébú náà gbọ́dọ̀ wáyé níbi tí ojú ará ìta tó, ó sì gbọ́dọ̀ jẹ́ nítorí ìran onítọ̀hún. Nínú ẹjọ́ kan ní 2008, ẹ̀bá mọ́tò tó wà lẹ́nu géètì ni ọkùnrin kan dúró sí nígbà tí wọ́n fi "chamar", orúkọ ìran àwọn oníṣẹ́ awọ, bú u. Kóòtù ní bí ẹnu géètì bá tilẹ̀ jẹ́ ti onílé, ará ìta lè rí i, nítorí náà gbangba ni. Ní 2020, ẹjọ́ mìíràn dé tó jẹ́ pé inú ilé ni èébú ti wáyé, tí ìjà ilẹ̀ sì wà nídìí rẹ̀. Wọ́n ní ẹ̀sùn yẹn kò dúró lábẹ́ òfin yìí. Ní 2024, oníròyìn orí YouTube kan ní ìpínlẹ̀ Kerala rí béèlì ṣáájú ìmúni gbà nítorí pé ọ̀rọ̀ tó sọ sí olóṣèlú kan, bó ti wù kó burú tó, kò kan ìran rẹ̀.

Ní ti ìdálẹ́bi tí ẹ béèrè, béèlì ṣáájú ìmúni nìkan ni apá 18 gbà lọ́wọ́ èèyàn. Lẹ́yìn tí ọlọ́pàá bá ti mú un, ó ṣì lè tọrọ béèlì lásán ní kóòtù àkànṣe tó ń gbọ́ irú ẹjọ́ yìí, bí wọ́n bá sì kọ̀ fún un, kó gbé e lọ sí kóòtù gíga ìpínlẹ̀. Àtúnṣe tó bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ ní 2016 sì fi kún un pé wọ́n gbọ́dọ̀ sọ fún ẹni tó fẹjọ́ sùn pé ọ̀rọ̀ béèlì ti dé iwájú adájọ́, kí òun náà lè wá sọ tẹnu rẹ̀.