Ta ni Alice Neel, iṣẹ́ wo ló sì ṣe?

Ayàwòrán ọmọ Amẹ́ríkà ni. Pennsylvania ni wọ́n bí i sí ní 1900, New York ló kú sí ní 1984. Àwòrán ènìyàn ló fi ayé rẹ̀ yà: àwọn aládùúgbò rẹ̀ ní Spanish Harlem (àdúgbò kan ní New York), àwọn aboyún, àwọn òǹkọ̀wé. Kì í fi ọ̀dà bo àbùkù ẹnikẹ́ni. Ẹ wo àwòrán Andy Warhol, gbajúmọ̀ ayàwòrán ọmọ Amẹ́ríkà, tí Neel yà ní 1970: Warhol bọ́ra sílẹ̀ dé ìbàdí, ó dijú, àpá iṣẹ́ abẹ tí wọ́n ṣe fún un nígbà tí wọ́n yìnbọn lù ú ní 1968 hàn gbangba, pẹ̀lú ọ̀já tó fi ń di ikùn mú.

Ó pẹ́ kí ayé tó kà á sí. Àfihàn iṣẹ́ rẹ̀ ní mùsíọ́ọ̀mù Whitney ní New York ní 1974 ló jẹ́ kí òkìkí rẹ̀ kàn dáadáa. Lójú tèmi, èyí tó gba ìgboyà jù ni àwòrán ara rẹ̀ tó parí ní 1980: ìyá ẹni 80 ọdún, ìhòòhò lórí àga, búrọ́ọ̀ṣì lọ́wọ́.