Ìbálẹ̀ ni kẹ́ ẹ bẹ̀rù, kì í ṣe gíga

Màmá wa ti Ìkẹ́rẹ́, ẹ kú ìtọ́jú ọmọ. Ẹ ní ọmọ yín pé ọdún 16, ó ga ní mítà 1.74, wọ́n ní kó wá sí káǹpù ẹgbẹ́ fọ́líbọ́ọ̀lù obìnrin ilẹ̀ wa, WAEC rẹ̀ sì ku oṣù mẹ́ta. Ẹ ń bẹ̀rù pé kò ga tó. Mireya Luis, ọmọ Kúbà tó gbá fọ́líbọ́ọ̀lù, ò ju mítà 1.75 lọ, àmì ẹ̀yẹ góòlù Òlíḿpíìkì mẹ́ta ló sì gbà: 1992, 1996 àti 2000. Mítà 2.24 ni àwọ̀n àwọn obìnrin. Ọmọ tó bá mọ̀ ọ́n fò á rí òkè rẹ̀. Bó ṣe máa balẹ̀ ni kẹ́ ẹ bi mí.

Èmi náà jẹ iyán káǹpù yẹn fún ọdún mẹ́rin. Adó ni mo ti bẹ̀rẹ̀, lórí kọnkéré. Kóòṣì wa ò kọ́ wa ní ìbálẹ̀ rí. "Gòkè sí i!" nìkan la ń gbọ́ láti àárọ̀. Tí orúnkún bá wú, a fi òrí pa á, ó di ọ̀la.

Lọ́jọ́ tó ṣẹlẹ̀, kò sẹ́ni tó fọwọ́ kàn mí. Sẹ́ẹ̀tì kẹta ni. Wọ́n gbé bọ́ọ̀lù sókè fún mi, mo gbá a mọ́lẹ̀, a jẹ àmì. Ẹsẹ̀ òsì nìkan ni mo fi balẹ̀, orúnkún sì yẹ̀ sínú. Mo gbọ́ ọ, bí ìgbà téèyàn ṣẹ́ igi ìdáná gbígbẹ. Àwọn tá a jọ ń gbá a ti ń jó kí wọ́n tó rí i pé mi ò dìde.

Àwọn ọ̀gá ní àwọn ń bọ̀ wá kí mi nílé. Mo ṣì ń retí wọn. Bàbá kan tó ń to egungun fà á, ó tẹ̀ ẹ́, fún ọ̀sẹ̀ mẹ́ta. Mi ò bá a jà, egungun ló mọ̀. Okùn tó so egungun itan mọ́ ti ojúgun nínú orúnkún ló já. Oṣù méje lẹ́yìn náà ni MRI, ẹ̀rọ tó ń ya àwòrán inú ara, tó fi hàn. Okùn yẹn máa ń já lára obìnrin eléré ju ọkùnrin lọ, ìbálẹ̀ àti yíyí lójijì ló sì sábà máa ń fà á. Ó máa ń tó oṣù mẹ́sàn-án lẹ́yìn iṣẹ́ abẹ kéèyàn tó padà sórí pápá. Oko kòkó bàbá mi ni iṣẹ́ abẹ tèmi jẹ.

Torí náà, ẹ gbé àpótí ìdáná yín síta, kí ọmọ fò bọ́ sílẹ̀ látorí ẹ̀. Ẹ dúró níwájú rẹ̀, ẹ wo orúnkún. Bí méjèèjì bá ń kọjú síra wọn, kóòṣì ní iṣẹ́ láti ṣe kó tó mú un lọ síbì kankan. Ẹsẹ̀ méjèèjì ni kó fi balẹ̀, kó tẹ orúnkún díẹ̀.

WAEC ńkọ́? Kó kọ ọ́. Owó káǹpù kì í ṣe owó oṣù. Owó oṣù wà lọ́dọ̀ ẹgbẹ́ Kọ́sítọ́ọ̀mù, Ímígíréṣọ̀n àti Sífù Dìfẹ́ǹsì, tí wọ́n ń gba agbábọ́ọ̀lù síṣẹ́, ìwé ẹ̀rí ni wọ́n sì máa ń béèrè. Àwọn ọ̀rẹ́ mi tó wọ ibẹ̀ ṣì ń gbowó, títí kan èyí tí kò gbá bọ́ọ̀lù mọ́. Èmi ò ní WAEC nígbà náà. Ọmọ ọdún 29 ni mí kí n tó kọ ọ́. Ọmọ kan nínú gbọ̀ngàn kí mi, "Ẹ káàárọ̀ mà," ó rò pé èmi ni mo wá ṣọ́ wọn.

Ẹ sọ fún kóòṣì pé ọjọ́ kejì tó bá parí ìdánwò lẹ ó mú un wá. Bó bá ní ó ti pẹ́ jù, ẹ bi í pé ta ni yóò sanwó orúnkún, kó sì kọ ìdáhùn rẹ̀ sínú ìwé fún yín.