Ẹ́dítọ̀ tó fẹ́ darí eré tẹlifíṣọ̀n

Ìbéèrè: Ẹ kú iṣẹ́ o. Ẹ́dítọ̀ ni mí, ẹni tó ń gé àwòrán tí wọ́n yà tó sì ń tò ó pọ̀, lórí eré kan tí wọ́n ń ṣe ní apá-apá fún tẹlifíṣọ̀n. Olóòtú wa (pùrodúsà) ní kí n wá darí apá méjì. Ibo ni kí n ti bẹ̀rẹ̀ ìmúrasílẹ̀?

Ìdáhùn: Ọ̀dọ̀ àwọn òṣèré ni. Ti kámẹ́rà kò ní fi bẹ́ẹ̀ dà yín láàmú, nítorí ẹ̀yin lẹ máa ń jìyà ohun tí olùdarí bá gbàgbé láti yà. Ẹ mọ̀ pé ó yẹ kí kámẹ́rà ti máa ṣiṣẹ́ fún bí ìṣẹ́jú-àáyá 5 kí òṣèré tó lanu. Ẹ mọ̀ pé bí kámẹ́rà bá ṣèèṣì kọjá sí òdìkejì àwọn méjì tó ń sọ̀rọ̀, yóò dà bíi pé ibì kan náà ni wọ́n jọ kọjú sí. Irú ìmọ̀ yìí ló ń jẹ́ kí olóòtú fọkàn tán ẹ́dítọ̀. Robert Wise, tó ṣe ẹ́dítìn fíìmù Citizen Kane (1941), ni iléeṣẹ́ fíìmù RKO ní Amẹ́ríkà gbé fíìmù The Curse of the Cat People (1944) fún nígbà tí iṣẹ́ náà falẹ̀ jù lọ́wọ́ ẹni tó kọ́kọ́ ń darí rẹ̀.

Ohun tí yàrá ẹ́dítìn kò kọ́ yín ni bí ìbínú tí ẹ ń rí lórí kọ̀ǹpútà ṣe dé ojú òṣèré. Olùdarí tuntun a jókòó ti mọ́nítọ̀, ìyẹn tẹlifíṣọ̀n tó ń fi ohun tí kámẹ́rà ń yà hàn, a máa kígbe pé, “Ẹ tún bínú sí i!” Òṣèré á kàn gbóhùn sókè ni. Ẹ dìde, ẹ lọ bá a, ẹ rọra sọ ohun tí ẹni tí òṣèré náà ń ṣe nínú eré ń wá: “Ẹ má jẹ́ kí ọmọ yìí jáde nílé lálẹ́ òní.” Ohun kan ṣoṣo lẹ́ẹ̀kan. Bó bá jẹ́ àgbà òṣèré, ẹ má sọ ọ́ lójú àwọn ọmọ iṣẹ́. Ẹ sì jẹ́ kí wọ́n fẹsẹ̀ rin ìran náà tán kí ẹ tó yan ibi tí kámẹ́rà máa dúró.

Ẹ ṣọ́ra fún èyí náà: ẹ́dítọ̀ a ti gé ìran tán nínú orí rẹ̀, kìkì ibi tó fẹ́ lò ló máa yà. Bí gbólóhùn kan bá bàjẹ́, kò sí ohun tí wọ́n máa fi dí i. Ẹ ya gbogbo ìran láti òkèèrè, lẹ́yìn náà ojú ẹnì kọ̀ọ̀kan, láti ìbẹ̀rẹ̀ dópin. Ìran ojú-ìwé 3 máa ń tó bí ìṣẹ́jú 3. Láti ibi mẹ́rin, ní ẹ̀ẹ̀mẹta-mẹ́ta, ìṣẹ́jú 36 ti lọ, láìka títún iná tò. Ẹ ti pinnu ṣáájú èyí tí ẹ máa yọ bí ilẹ̀ bá ń ṣú.

Kí ẹ tó kúrò níbẹ̀, ẹ ní kí gbogbo èèyàn dákẹ́, kí ẹni tó ń gba ohùn gba ìdákẹ́ yàrá náà fún ìṣẹ́jú-àáyá 30, èyí tí ẹ́dítọ̀ máa fi dí àlàfo láàárín ọ̀rọ̀. Bí jẹnẹrétọ̀ bá ń dún lọ́ọ̀ọ́kán nígbà tí wọ́n ń sọ̀rọ̀, ẹ má pa á, torí ìdákẹ́ náà gbọ́dọ̀ bá ọ̀rọ̀ wọn mu.

Ẹ jẹ́ kí ẹ́dítọ̀ mìíràn kọ́kọ́ to iṣẹ́ náà pọ̀. Ṣọ́ọ̀tì (àwòrán kan tí kámẹ́rà yà láìdúró) tó gbà yín ní wákàtí mẹ́ta láti yà máa ń ṣòroó yọ lọ́wọ́ ẹni tó yà á, bí kò tilẹ̀ wúlò.