Ẹ Béèrè, A Fèsì: Kóòdù Fún Ẹni Tó Padà Wá Gbàtọ́jú Lẹ́yìn Ìjàǹbá Ọkọ̀

Ìbéèrè: Ẹ kú iṣẹ́ o. Ẹ̀ka àkọsílẹ̀ ni mo wà ní ilé ìwòsàn kan ní Gwagwaládà. Àwọn tí ọkọ̀ ṣe léṣe lójú ọ̀nà Lọ́kọ́ja pọ̀ lọ́dọ̀ wa. Tí wọ́n bá padà wá yọ POP (ìdè funfun líle tí wọ́n fi de egungun tó kán) lẹ́yìn ọ̀sẹ̀ mélòó kan, ọ̀gá wa ní kóòdù S82.2 tí a kọ lọ́jọ́ àkọ́kọ́ náà ni ká tún kọ. Ṣé bẹ́ẹ̀ ni? *Akọ̀wé fáìlì, Gwagwaládà*

Èsì: Rárá o. S82.2 ni ojúgun tó kán. Tí ẹ bá ń kọ ọ́ ní gbogbo ìgbà tí ẹni náà bá yọjú, ẹsẹ̀ kan ṣoṣo tó kán á di mẹ́rin tàbí márùn-ún nínú ìṣirò ìparí ọdún.

Nínú ICD-10, ìwé kóòdù àìsàn ti Àjọ Ìlera Àgbáyé, ẹni tó wá yọ POP tàbí tó wá pààrọ̀ rẹ̀ ń gba Z47.8. Irin tí wọ́n fẹ́ yọ kúrò lára egungun ni Z47.0. Tó bá jẹ́ físíò (ìtọ́jú tó ń jẹ́ kí ẹ̀yà ara lè ṣiṣẹ́ padà) nìkan ló wá ṣe, Z50.1 ni. Ẹni tí ìtọ́jú rẹ̀ ti parí, tí dókítà kàn ń yẹ̀ wò, tí kò sì sí àléébù kankan, Z09.4 ni tirẹ̀.

Ṣùgbọ́n ẹ ka èsì X-ray kí ẹ tó fọwọ́ kan kóòdù Z kankan. Egungun tó so wọ́ ní kóòdù tirẹ̀, M84.0. Èyí tó kọ̀ tí kò so ni M84.1, èyí tó ń pẹ́ kó tó so ni M84.2. Ẹ máa rí i dáadáa lára àwọn tó ti kọ́kọ́ gba ọ̀dọ̀ teguntegun. Tí ó bá ti lé lọ́dún kan tí ẹsẹ̀ náà ti kán, tí ìṣòro tó ṣẹ́kù lára ló gbé e wá, ẹ kọ ìṣòro náà, kí ẹ fi T93.2 tì í (T93.1 tó bá jẹ́ egungun itan), kí Y85.0 sì sọ pé ọkọ̀ ló fà á.

Ohun kan tún wà tó ń dùn wá. “RTA” (ìjàǹbá ọkọ̀ lójú ọ̀nà) nìkan ni ọ̀pọ̀ dókítà ń kọ sínú fáìlì. Lẹ́tà mẹ́ta yìí ò lè gbé yín kọjá V89.2, ìyẹn ọkọ̀ tí a ò mọ irú rẹ̀. Ẹ bi aláìsàn tàbí ẹni tó gbé e wá: kí ló gùn, òun ló wà á àbí èrò ni, kí ló kọ lù ú? Ẹni tó wa ọ̀kadà tí mọ́tò gbá lójú títì ni V23.4. Èrò tó jókòó sẹ́yìn rẹ̀ ni V23.5. Ẹni tó ń fẹsẹ̀ rìn ni V03.1. Kò gbà ju ìṣẹ́jú kan lọ, òun ló sì máa jẹ́ kí ìjọba mọ̀ bóyá àwọn èrò ọ̀kadà ló ń fara gbá jù lójú ọ̀nà yẹn.

Ìbéèrè: Mò ń kọ́ kóòdù ti Amẹ́ríkà kí n lè máa ti ilé ṣiṣẹ́ fún wọn. Olùkọ́ wa ní lẹ́tà A ní ìparí kóòdù ni ìgbà àkọ́kọ́ tí aláìsàn wá, D ni gbogbo ìgbà tó kù. Mo fi èyí dáhùn ìdánwò, mo sì kùnà. *Akẹ́kọ̀ọ́, Kúbwà*

Èsì: Ẹ̀kọ́ yẹn ló kùnà, kì í ṣe ìwọ. Lẹ́tà keje, ìyẹn èyí tó ń parí kóòdù, kì í ka iye ìgbà tí èèyàn wá. Ohun tí wọ́n ń ṣe fún un lọ́jọ́ náà ló ń sọ. Níwọ̀n ìgbà tí wọ́n bá ṣì ń tọ́jú ọgbẹ́ náà gan-an, A ni, ì báà jẹ́ dókítà kẹta ló ń rí i. Tí ó bá wá ku kí ara máa jinná, tí wọ́n kàn ń ṣọ́ ọ, D dé.

Mú awakọ̀ kan tí ọkọ̀ ayọ́kẹ́lẹ́ mìíràn kọ lù, tí ojúgun ọ̀tún rẹ̀ fọ́ sí wẹ́wẹ́ tó sì yẹ̀, ṣùgbọ́n tí awọ kò ya. Ní yàrá pàjáwìrì, S82.251A (ojúgun tó kán) àti V43.52XA (ìjàǹbá tó fà á) ni. Lọ́jọ́ kejì, oníṣẹ́ abẹ tí kò rí i rí fi irin sí i: S82.251A náà ni. Ọ̀sẹ̀ mẹ́fà lẹ́yìn náà, X-ray ní ó ń so dáadáa: S82.251D, V náà á sì di V43.52XD. Tí síso rẹ̀ bá ń falẹ̀, G. Tí kò bá so, K. Tí ó bá so wọ́, P.

Tí egungun bá yọ síta, lẹ́tà á yí padà. Fún ẹsẹ̀ láti orúnkún dé ọrùn ẹsẹ̀, itan àti apá ìsàlẹ̀ ìgúnpá, Gustilo (òṣùwọ̀n bí irú ọgbẹ́ bẹ́ẹ̀ ṣe le tó) I àti II ń lo B, E, H, M, Q dípò A, D, G, K, P; Gustilo III ń lo C, F, J, N, R. Tí dókítà ò bá kọ irú Gustilo tó jẹ́, ọ̀wọ́ àkọ́kọ́ ni kí o mú. Tí kò bá sọ bóyá awọ ya, a ó kà á sí pé kò ya. Tí kò bá sọ bóyá egungun yẹ̀, a ó kà á sí pé ó yẹ̀.

Ìbéèrè ìdánwò kan wà tó ń mú èèyàn: ẹni tó fi oṣù kan jókòó sílé kó tó wá sílé ìwòsàn ńkọ́? A ni. Ìtọ́jú ṣẹ̀ṣẹ̀ bẹ̀rẹ̀ ni.

Má gbé Z tí a dárúkọ fún ará Gwagwaládà wá síbí. Lọ́dọ̀ àwọn ará Amẹ́ríkà, a kì í fi Z kọ ìtọ́jú àtẹ̀lé ọgbẹ́. Kóòdù ọgbẹ́ náà pẹ̀lú D ni wọ́n ń fẹ́. Ibi tí ìjàǹbá ti ṣẹlẹ̀, ìyẹn Y92, ẹ̀ẹ̀kan péré là ń kọ ọ́, ní ìbẹ̀rẹ̀ ìtọ́jú. V ló máa ń bá ìtọ́jú lọ.

Lẹ́tà S ní ipò keje wà fún ohun tí ọgbẹ́ fi sílẹ̀. Kóòdù méjì ló ń gbà, ohun tó ń dà á láàmú ló sì ń ṣáájú: orúnkún ọ̀tún tó ń ro ó nítorí oríkèé tó bàjẹ́ lẹ́yìn ìjàǹbá ni M17.31, kí S82.141S (òkè ojúgun ọ̀tún tó ti kán) tó tẹ̀ lé e. Kò sí gbèdéke ọdún kan níbí.

Má gbàgbé X tí a fi ń dí àyè tó ṣófo nínú kóòdù. Ọrùn tó fà ni S13.4XXD, tí o bá kọ S13.4D, wọ́n á dá a padà, torí lẹ́tà keje gbọ́dọ̀ wà ní ipò keje.

Ní ti owó, iṣẹ́ abẹ irin inú ojúgun, tí kóòdù iṣẹ́ rẹ̀ jẹ́ 27759, ní àádọ́rùn-ún ọjọ́ tirẹ̀ tí owó iṣẹ́ abẹ náà ti bo àbẹ̀wò. Àbẹ̀wò tí oníṣẹ́ abẹ náà bá ṣe láàárín rẹ̀ lórí ẹsẹ̀ yẹn ni 99024, kò sówó lórí rẹ̀. X-ray ní owó tirẹ̀ lọ́tọ̀.

Ìbéèrè: Ọkọ̀ gbá mi, wọ́n ṣiṣẹ́ abẹ sí mi nítan. HMO (ilé iṣẹ́ ìbánigbófò ìlera mi) fún wọn ní kóòdù nígbà náà. Mo padà lọ fún físíò, wọ́n ní kóòdù náà ò ṣiṣẹ́ mọ́, kí n sanwó. Ṣé wọn ò rẹ́ mi jẹ báyìí? *Ìyá Ìbejì, Sábóńgàrí, Kánò*

Èsì: Ẹ pẹ̀lẹ́ mà, Ọlọ́run á wo ẹsẹ̀ náà sàn. Ó lè má jẹ́ ìrẹ́jẹ. Kóòdù tí a ń sọ lókè ń dárúkọ àìsàn. Ti HMO jẹ́ àṣẹ láti sanwó iṣẹ́ kan pàtó. Àṣẹ iṣẹ́ abẹ kì í bo físíò. Kí ẹ tó kúrò lọ́dọ̀ dókítà, ẹ ní kó kọ ọjọ́ tí ẹ máa padà wá, ohun tí wọ́n máa ṣe, àti iye ìgbà físíò. Ẹ jẹ́ kí ilé ìwòsàn fi ìwé yẹn béèrè àṣẹ tuntun ṣáájú ọjọ́ náà. Tí ẹ bá ti sanwó, ẹ tọ́jú rìsíìtì, kí ẹ kọ̀wé sí HMO. Tí wọn ò bá dáhùn, ẹ gbé e lọ sí ọ́fíìsì NHIA, àjọ ìjọba tó ń bójú tó ìbánigbófò ìlera.

Òfin Ìlera ọdún 2014 ní kí ilé ìwòsàn má ṣe kọ ìtọ́jú pàjáwìrì fún ẹnikẹ́ni, ṣùgbọ́n físíò kì í ṣe pàjáwìrì. Tí ojú abẹ bá ń ṣọyún, tí ẹsẹ̀ bá wú lójijì, tàbí tí èémí bá ń há yín, ẹ má dúró de kóòdù kankan. Ẹ lọ lójú ẹsẹ̀, ì báà jẹ́ lóru.