Ère Tí Kò Jọ Àpáta

Ìbéèrè: Ẹ̀yin olóòtú, ẹ kú iṣẹ́. Ọmọ mi ní Àpáta Zuma ni òun gbẹ́, ṣùgbọ́n n kò rí àpáta kankan nínú ère rẹ̀. Kí ló fà á? Ìyá kan, Kubwa, Abuja.

Ìdáhùn: Ẹ ṣé, Mà. Kì í ṣe àwòrán àpáta ni irú oníṣẹ́ ọnà bẹ́ẹ̀ ń wá, bí kò ṣe bí ó ṣe wúwo, bí ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ ṣe tẹ̀, àti ipa tí àgbàrá òjò fà sí i lára, èyí tí yóò yà sínú ìwé léraléra kí ó tó fọwọ́ kan igi tàbí òkúta. Barbara Hepworth, obìnrin kan tó ń gbẹ́ ère, tó sì kó lọ sí Cornwall létí òkun ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì ní 1939, a máa dá ihò lu ère kí ìmọ́lẹ̀ lè gba inú rẹ̀ kọjá; lójú tèmi, ihò yẹn gan-an ni ọgbọ́n iṣẹ́ náà. Ẹ yí ère ọmọ yín po, Mà, ẹ má dúró síwájú rẹ̀ nìkan.