Bí a ṣe ń ṣe àgbéyẹ̀wò eré UConn àti Notre Dame kí ó tó bẹ̀rẹ̀

ÌBÉÈRÈ

Ẹ kú iṣẹ́ o, akọ́nimọ̀ọ́gbá. Ìlú Chicago ni mo ń gbé pẹ̀lú ọkọ mi àti àwọn ọmọbìnrin wa méjì. Láti ìgbà tí Arike Ogunbowale ti ń gbá bọ́ọ̀lù alájùsápẹ̀rẹ̀ ní Yunifásítì Notre Dame ni àwọn ìdílé Yorùbá mélòó kan ládùúgbò wa ti máa ń péjọ wo eré Notre Dame àti Yunifásítì Connecticut, èyí tí gbogbo ènìyàn ń pè ní UConn. Lọ́tẹ̀ yìí, èmi ni wọ́n ní kí n bá àwọn ọmọ sọ̀rọ̀ fún ìṣẹ́jú mẹ́wàá kí eré tó bẹ̀rẹ̀, kí n ṣàlàyé irú eré tí a fẹ́ wò. Mo mọ òfin eré náà díẹ̀, ṣùgbọ́n ipò tí ẹgbẹ́ kọ̀ọ̀kan wà àti ẹni tó borí nígbà tí wọ́n pàdé kẹ́yìn ni gbogbo ohun tí mo ń rí kà. Kí ni kí n yẹ̀ wò gan-an? Ṣé ó sì yẹ kí n sọ ẹni tí yóò borí?

Ìyá Ọlọ́mọbìnrin Méjì, Chicago

ÌDÁHÙN

Ẹ kú àmójútó àwọn ọmọ, Ìyá, ẹ sì ṣeun tí ẹ kọ̀wé. Ó ti pẹ́ tí mo ti ń kọ́ àwọn ọ̀dọ́bìnrin ní bọ́ọ̀lù yìí, tí mo sì ń kọ àgbéyẹ̀wò ṣáájú eré fún àwọn akọ́nimọ̀ọ́gbá ẹlẹgbẹ́ mi, inú mi sì dùn pé ẹ kò fẹ́ kàn ka ipò ẹgbẹ́ méjèèjì fún àwọn ọmọ kí ẹ sì jókòó. Iṣẹ́ àgbéyẹ̀wò kọ́ ni láti sọ ẹni tí yóò borí. Iṣẹ́ rẹ̀ ni láti sọ ibi tí ó ṣeé ṣe kí eré náà ti yí, kí ẹni tó ń wò ó lè dá ibẹ̀ mọ̀ nígbà tí eré bá dé ibẹ̀.

Ẹ jẹ́ kí n kọ́kọ́ sọ ìdí tí ipò àti èsì àtẹ̀yìnwá kò fi tó, pàápàá láàárín àwọn méjì yìí. Ní sáà 2012 sí 2013, ẹ̀ẹ̀mẹta ni Notre Dame na UConn: 73 sí 72 nílé UConn, 96 sí 87 lẹ́yìn àfikún àkókò mẹ́ta, àti 61 sí 59 nínú àṣekágbá ìdíje Big East, àjọ àwọn yunifásítì tí àwọn méjèèjì jọ wà nínú rẹ̀ nígbà náà. Nígbà tí wọ́n wá pàdé nígbà kẹrin nílùú New Orleans, ní ìpele tó ṣáájú àṣekágbá gbogbo orílẹ̀-èdè, UConn ló borí, 83 sí 65, Breanna Stewart tó ṣẹ̀ṣẹ̀ wà ní ọdún kìíní ní yunifásítì sì dá nìkan rí àmì 29. Ẹni tó bá ti ka èsì mẹ́ta àkọ́kọ́ dáadáa kò ní yà á lẹ́nu tó bẹ́ẹ̀. Àmì kan ló wà láàárín wọn nígbà àkọ́kọ́, àmì méjì nígbà kẹta, ti àárín sì gba àfikún àkókò mẹ́ta kí ó tó parí. Ẹgbẹ́ tó fi àmì kan borí kò tíì fi hàn pé òun dára ju ẹnìkejì lọ.

Irú rẹ̀ tún ṣẹlẹ̀ láìpẹ́. Ní oṣù kejìlá ọdún 2024, Notre Dame na UConn nílùú South Bend tó jẹ́ ilé Notre Dame, 79 sí 68. Nígbà tí sáà náà fi máa parí, ẹgbẹ́ TCU (Texas Christian University) ti lé Notre Dame kúrò nínú ìdíje nígbà tó ku ẹgbẹ́ mẹ́rìndínlógún, UConn sì gba ife-ẹ̀yẹ ní oṣù kẹrin ọdún 2025, tí wọ́n na South Carolina 82 sí 59. Nítorí náà, tí ẹ bá máa lo èsì ìpàdé tó kọjá, ẹ má ṣe bi í léèrè ẹni tó borí nìkan. Ẹ bi í léèrè ọ̀nà tó gbà borí, kí ẹ sì wò ó bóyá ọ̀nà náà ṣì ṣí sílẹ̀.

Ibi tí èmi máa ń bẹ̀rẹ̀ ni ìwé ìṣirò eré, èyí tí yunifásítì kọ̀ọ̀kan máa ń gbé sórí ìkànnì eré ìdárayá rẹ̀ lẹ́yìn eré kọ̀ọ̀kan. Ẹ mú márùn-ún tàbí mẹ́fà tó kẹ́yìn fún ẹgbẹ́ kọ̀ọ̀kan. Ẹ má jẹ̀ẹ́ kí iye àmì tí wọ́n ń rí nínú eré kọ̀ọ̀kan tàn yín jẹ, nítorí pé ẹgbẹ́ tó ń sáré yóò ju bọ́ọ̀lù púpọ̀, àmì rẹ̀ yóò sì pọ̀ bí kò tilẹ̀ mọ bọ́ọ̀lù jù. Ohun tí ẹ ń wá ni iye àmì tí wọ́n ń rí nínú ìkọlù ọgọ́rùn-ún. Ìgbà kọ̀ọ̀kan tí ẹgbẹ́ kan bá di bọ́ọ̀lù mú títí tó fi bọ́ sọ́wọ́ ẹgbẹ́ kejì ni mo ń pè ní ìkọlù kan.

Bí a ṣe ń kà á nìyí. Ká ní ẹgbẹ́ kan ju bọ́ọ̀lù sí apẹ̀rẹ̀ nígbà 62, wọ́n fúnra wọn gba 12 padà nínú èyí tí wọ́n tàsé, bọ́ọ̀lù bọ́ sọ́nù lọ́wọ́ wọn nígbà 15, wọ́n sì ní ìjù ọ̀fẹ́ 18. Ẹ yọ 12 kúrò nínú 62, ó ku 50. Ẹ fi 15 kún un, ó di 65. Ẹ wá fi ohun tó dín díẹ̀ sí ìdajì ìjù ọ̀fẹ́ náà kún un, ìyẹn 8, ó di 73. Bí wọ́n bá rí àmì 80 nínú ìkọlù 73 yìí, nǹkan bí 110 ni wọn yóò rí nínú ọgọ́rùn-ún. Ẹgbẹ́ kejì lè rí àmì 74 péré, ṣùgbọ́n tó bá jẹ́ ìkọlù 64 ni wọ́n lò, tiwọn súnmọ́ 116 nínú ọgọ́rùn-ún, àwọn gan-an ló sì mọ bọ́ọ̀lù jù, bó tilẹ̀ jẹ́ pé àmì wọn kéré. Ẹ ṣe ìṣirò kan náà fún àmì tí àwọn alátakò ń rí lára wọn, kí ẹ lè mọ bí wọ́n ṣe ń dáàbò bo apẹ̀rẹ̀ wọn. Ọmọ ilé-ẹ̀kọ́ girama lè ṣe é. Ẹ jẹ́ kí àwọn ọmọbìnrin yín bá yín ṣe é.

Lẹ́yìn èyí ni ẹ óò wá ìdí tí iye náà fi rí bẹ́ẹ̀. Jíjù ló wúwo jù, ṣùgbọ́n ẹ fi ibi tí wọ́n ti ń jù ú kún un. Ẹni tó ju bọ́ọ̀lù ọgọ́rùn-ún láti ìtòsí tí 40 wọlé ní àmì 80; ẹni tó ju ọgọ́rùn-ún láti ẹ̀yìn ìlà àmì mẹ́ta tí 30 péré wọlé ní 90. Nípa ìjù ọ̀fẹ́, òfin kan wà tí ẹ gbọ́dọ̀ ṣàlàyé fún àwọn ọmọ. Láti sáà 2015 sí 2016 ni eré yunifásítì àwọn obìnrin ti di abala mẹ́rin oníṣẹ́jú mẹ́wàá mẹ́wàá, láti orí ẹ̀ṣẹ̀ karùn-ún tí ẹgbẹ́ kan bá sì dá nínú abala kan ni alátakò ti ń gba ìjù ọ̀fẹ́ méjì, bẹ́ẹ̀ ni agbábọ́ọ̀lù tó bá dá ẹ̀ṣẹ̀ márùn-ún yóò kúrò lórí pápá pátápátá. Ẹgbẹ́ tó bá ti lo ẹ̀ṣẹ̀ mẹ́rin tán nígbà tí abala ṣì ku ìṣẹ́jú márùn-ún kò ní lè fi ìgboyà dí alátakò lọ́nà mọ́.

Bọ́ọ̀lù tó bọ́ sọ́nù ni ibi tí Notre Dame ti sábà máa ń fojú sùn UConn. Ní oṣù kìíní ọdún 2024, Hannah Hidalgo, tó wà ní ọdún kìíní rẹ̀ nígbà náà tó sì wà lára àwọn tó ń já bọ́ọ̀lù gbà jù lọ ní gbogbo orílẹ̀-èdè, rí àmì 34 nílé UConn, Notre Dame sì borí, 82 sí 67. UConn ní tiwọn kì í fẹ́ kí ẹnì kan di bọ́ọ̀lù mú pẹ́. Geno Auriemma, tó ti ń kọ́ wọn láti ọdún 1985 tó sì ti gba ife-ẹ̀yẹ méjìlá, kọ́ wọn láti máa rìn nígbà tí bọ́ọ̀lù kò sí lọ́wọ́ wọn, kí wọ́n sì máa fi í ránṣẹ́ kíákíá sí ẹni tó wà ní àyè tó ṣófo. Bí ọwọ́ àwọn adènà Notre Dame bá ń kan bọ́ọ̀lù yẹn lójú ọ̀nà, eré UConn yóò dàrú. Bí kò bá kàn án, ẹnì kan yóò máa dúró lábẹ́ apẹ̀rẹ̀ láìsí ẹni tó ń ṣọ́ ọ. Tí mo bá ní gbólóhùn kan ṣoṣo láti sọ fún àwọn ọmọ nípa ìpàdé méjì yìí, èyí ni mo máa sọ. Niele Ivey, akọ́nimọ̀ọ́gbá Notre Dame láti ọdún 2020, mọ iṣẹ́ yìí dénú, nítorí òun fúnra rẹ̀ ló ń darí eré lórí pápá fún ẹgbẹ́ Notre Dame tó na UConn 90 sí 75 ní ọdún 2001 kí wọ́n tó gba ife-ẹ̀yẹ wọn àkọ́kọ́.

Mo fi ọ̀rọ̀ bọ́ọ̀lù tó ta padà nígbà tí ìjù bá tàsé sí ìkẹyìn nítorí pé kò ṣeé yà kúrò lára ọ̀rọ̀ ẹni tí kò sí níbẹ̀, ọ̀rọ̀ yìí ni àwọn ènìyàn sì máa ń fojú fò jù. Ní ọdún 2014, ẹgbẹ́ méjèèjì dé àṣekágbá nílùú Nashville láìtíì pàdánù eré kankan ní gbogbo sáà, ohun tí kò ṣẹlẹ̀ rí nínú ìtàn ìdíje náà. Àwọn ènìyàn retí ìjà dọ́gbandọ́gba. Ṣùgbọ́n Natalie Achonwa, òpómúléró Notre Dame lábẹ́ apẹ̀rẹ̀, ti fi orúnkún ṣèṣe nínú eré tó gbé wọn dé ìpele àwọn mẹ́rin tó kẹ́yìn. UConn gba bọ́ọ̀lù tó ta padà 54, Notre Dame gba 31, eré sì parí sí 79 sí 58. Ẹni tó wo ipò ẹgbẹ́ méjèèjì kò rí ìyàtọ̀ kankan láàárín wọn. Ẹni tó béèrè pé ta ni yóò máa fo sókè gba bọ́ọ̀lù níwọ̀n ìgbà tí Achonwa kò sí ti rí i kí wọ́n tó fọn fèrè. Nítorí náà, ẹ wo iye ìṣẹ́jú tí agbábọ́ọ̀lù kọ̀ọ̀kan lò nínú eré méjì tó kẹ́yìn, kí ẹ sì ka ohun tí àwọn akọ́nimọ̀ọ́gbá sọ fún àwọn oníròyìn ní àárọ̀ ọjọ́ eré tàbí ní ọjọ́ tó ṣáájú. Bí ẹnì kan tó máa ń gbá ìṣẹ́jú 35 bá sọ̀ kalẹ̀ sí 18 lójijì, ìdí kan wà fún un.

Ẹ ṣọ́ra pẹ̀lú iye eré tí ẹgbẹ́ kọ̀ọ̀kan ti borí. Láti ọdún 1995 títí di 2013 ni àwọn méjèèjì jọ wà nínú Big East, ìdí sì nìyẹn tí wọ́n fi ń pàdé ní ìgbà mẹ́ta, mẹ́rin, lọ́dún kan nígbà mìíràn. Notre Dame ti lọ sí ACC, àjọ irú rẹ̀ mìíràn, nísinsìnyí, UConn sì padà sí Big East ní ọdún 2020 lẹ́yìn tó ti kúrò níbẹ̀, nítorí náà àwọn alátakò wọn ní àárín sáà kì í ṣe ọ̀kan náà. Ẹ yọ eré tí ẹnì kan ti na alátakò aláìlágbára ní àmì 40 kúrò nínú ìṣirò yín. Ní ti pápá, lẹ́nu ọdún mélòó kan wọ̀nyí wọ́n ti ń gbá a nílé ara wọn ní àgbàsípààrọ̀. Bó bá jẹ́ South Bend ni, kò jìnnà sí yín, ṣùgbọ́n ẹ rántí pé aago wọn fi wákàtí kan ṣáájú ti Chicago.

Ẹ sọ ìtàn Arike fún wọn, nítorí tiwa ni. Milwaukee ni wọ́n bí i sí, ọmọ Nàìjíríà ni bàbá rẹ̀, Àríkẹ́ sì jẹ́ oríkì tí àwọn ọmọ yín lè ti gbọ́ lẹ́nu ìyá àgbà. Ní oṣù kejìlá ọdún 2017, UConn na Notre Dame 80 sí 71. Agbábọ́ọ̀lù mẹ́rin ni iṣan orúnkún wọn já ní Notre Dame ní sáà yẹn, UConn kò sì tíì pàdánù nínú eré 36 nígbà tí wọ́n tún pàdé ní ìpele tó ṣáájú àṣekágbá nílùú Columbus ní ọjọ́ 30 oṣù kẹta ọdún 2018. Jackie Young rí àmì 32, Arike rí 27, òun náà ló sì ju èyí tó parí rẹ̀ sí 91 sí 89 nígbà tó ku ìṣẹ́jú àáyá kan nínú àfikún àkókò. Ní ọjọ́ méjì lẹ́yìn náà, ó tún ju irú rẹ̀ láti ẹ̀yìn ìlà àmì mẹ́ta, Notre Dame sì gba ife-ẹ̀yẹ lọ́wọ́ Mississippi State, 61 sí 58. Àmọ́ nígbà tí ẹ bá ń sọ ọ́, ẹ jẹ́ kó yé wọn pé àwọn tó gbá eré yẹn ti kúrò ní yunifásítì. Ní ọdún 2025, Arike àti Paige Bueckers tó jẹ́ ọmọ UConn jọ gbá bọ́ọ̀lù fún ẹgbẹ́ kan náà, Dallas Wings, ọ̀kan lára àwọn ẹgbẹ́ tó ń gbá bọ́ọ̀lù gbowó. Ìtàn lè jẹ́ kí ọmọ fẹ́ràn eré, ṣùgbọ́n kì í jù bọ́ọ̀lù.

Ní ti ẹni tí yóò borí, ẹ lè sọ ọ́, ṣùgbọ́n ẹ so ó mọ́ ìdí kan tí ojú lè rí. Dípò “Notre Dame ni yóò borí,” ẹ sọ pé, “Bí UConn bá pàdánù bọ́ọ̀lù ju ìgbà 15 lọ, mo rò pé Notre Dame ni yóò borí.” Lẹ́yìn náà, ẹ fún ọmọ kan ní ìwé àti bírò kó máa ka bọ́ọ̀lù tó bọ́ sọ́nù, kí òmíràn máa ka bọ́ọ̀lù tó ta padà tí ẹgbẹ́ tó tàsé tún gbà, kí ẹ̀kẹta máa ka ẹ̀ṣẹ̀ nínú abala kọ̀ọ̀kan. Ní òpin abala kìíní, ẹ jẹ́ kí wọ́n ka iye tí wọ́n kọ sílẹ̀ sókè, kí ẹ sì fi wé ohun tí ẹ sọ kí eré tó bẹ̀rẹ̀.