Ijó Orí Iyẹ̀pẹ̀ Tí Pina Bausch Fi Sílẹ̀

Ìbéèrè: Ẹ̀yin olóòtú wa, mo wo ijó kan lórí amóhùnmáwòrán, èyí tí àwọn oníjó ilẹ̀ Áfíríkà jó létí òkun ní Senegal. Wọ́n ní obìnrin ará Jámánì kan tí ó ti kú láti ọdún 2009 ni ó ni ijó náà. Ẹ jọ̀wọ́, báwo ni èyí ṣe jẹ́, irú iṣẹ́ wo sì ni obìnrin náà ṣe láyé? (Òǹkàwé yín, Ìbàdàn)

Ìdáhùn: Pina Bausch ni obìnrin náà ń jẹ́. Ọdún 1975 ni ó to ijó tí ẹ wò sí orin Igor Stravinsky kan, tí ó dá lórí ọ̀dọ́bìnrin tí wọ́n yàn láti jó títí ẹ̀mí yóò fi bọ́ lára rẹ̀. Ó ní kí wọ́n da iyẹ̀pẹ̀ sí gbogbo orí ìtàgé, tí ó fi jẹ́ pé bí ijó ti ń gbóná ni iyẹ̀pẹ̀ ń lẹ̀ mọ́ òógùn àti aṣọ àwọn oníjó, kò sì sí ẹni tí ó lè díbọ́n pé kò rẹ òun.

Ara ẹni tí ó ti jó ijó rí ni a ń tọ́jú ijó sí. Àwọn tí wọ́n jó o lójú ayé Bausch ni wọ́n fi kọ́ àwọn oníjó láti orílẹ̀-èdè Áfíríkà 14, ní École des Sables, ilé ẹ̀kọ́ ijó kan ní Senegal tí oníjó Germaine Acogny àti ọkọ rẹ̀, tí òun náà jẹ́ ará Jámánì, dá sílẹ̀. (Àjàṣẹ́ ní ilẹ̀ Benin ni wọ́n ti bí Acogny, abọ̀rìṣà Yorùbá sì ni ìyá bàbá rẹ̀.) Nígbà tí àrùn kòrónà kò jẹ́ kí wọ́n ṣeré ní Dakar ní ọdún 2020, wọ́n jó o lórí iyanrìn etí òkun Toubab Dialaw kí wọ́n tó túká, wọ́n sì ká a sílẹ̀.

Solingen ni wọ́n ti bí Bausch ní ọdún 1940. Ó kọ́ ijó lọ́dọ̀ Kurt Jooss ní Essen, ó tún kọ́ ọ ní New York, ó sì di olùdarí ẹgbẹ́ oníjó Wuppertal ní 1973, ipò tí ó wà títí ó fi kú.

Lójú tèmi, ìbéèrè tí ó máa ń bi àwọn oníjó rẹ̀ ni ó gbé iṣẹ́ rẹ̀ yọ. Yóò béèrè nípa ìbẹ̀rù, ìfẹ́ tàbí ìgbà èwe, wọn a fi ọ̀rọ̀ tàbí ìṣesí dáhùn, nínú ọ̀pọ̀ ìdáhùn bẹ́ẹ̀ ni yóò sì ti ṣa ìwọ̀nba tí yóò so pọ̀ di eré. Ara àwọn òǹwòran Wuppertal kò kọ́kọ́ gbà á. Àwọn kan a fi ìbínú dìde, wọn a sì gbá ilẹ̀kùn bí wọ́n ti ń jáde.

Ní 1978 ni ó ṣe eré ijó kan tí ó ń jẹ́ Kontakthof. Ní 2000, ó kó àwọn tí wọ́n ti lé ní ọmọ ọdún 65, tí wọn kì í ṣe oníjó, jọ láti jó o. Ní 2008, ó kan àwọn ọ̀dọ́langba. Òun fúnra rẹ̀ darí fíìmù kan tí ó jáde ní 1990, ṣùgbọ́n èyí tí Wim Wenders ṣe nípa rẹ̀ ní 2011 ni mo fẹ́ kí ẹ wá wò, nítorí pé níbẹ̀, ọ̀dọ́ kan lè bẹ̀rẹ̀ ìṣesí kan nínú Kontakthof, kí ó sì jẹ́ pé arúgbó ni yóò parí rẹ̀.